Ìyá oníbàtà ẹ̀yìn ọjà Kútọ̀

Bàtà òkìrìkà tó ń dán gbinrin ló dójú tì mí ní Ìdànrè. Àtẹ̀gùn 682 ni wọ́n ní ó wà níbẹ̀. Mi ò tíì gun ọgọ́rùn-ún tí ìtẹ̀lẹ̀ ọ̀tún fi ṣí, tí fóòmù inú rẹ̀ ń rún wómúwómú bí búrẹ́dì tó ti gbẹ. Okùn ni mo fi dì í sọ̀kalẹ̀. Ẹnì kan tó ṣàánú mi, tó yá mi ní sálúbàtà, ló júwe ìyá yìí fún mi, l'Abẹ́òkúta wa níbí.

Ṣọ́ọ̀bù wọn ò ní pátákó. Bàtà àti báàgì òkìrìkà ni wọ́n ń tà, wọ́n sì ń fi àgọ́ aláṣọ tí à ń pa sùn lórí òkè háyà. Mo ní kí wọ́n bá mi wá bàtà tẹ́nikẹ́ni ò tíì wọ̀ rí. Wọ́n bú sẹ́rìn-ín: "Ọkọ mi, ìyẹn gan-an ni kóo máa fura sí." Wọ́n gbé ọ̀kan, wọ́n ki èékánná bọ fóòmù àárín ìtẹ̀lẹ̀ àti awọ, ó wọlé bí ẹní ki ìka bọ ẹ̀kọ. Ọ̀rinrin inú afẹ́fẹ́ ní ń jẹ irú fóòmù bẹ́ẹ̀. O wọ̀ ọ́ o, o ò wọ̀ ọ́ o, lẹ́yìn ọdún mélòó kan á jẹrà. Wọ́n ṣí abẹ́ ahọ́n bàtà hàn mí: oṣù àti ọdún tí wọ́n ṣe é wà lára àmì kékeré kan níbẹ̀. Látọjọ́ tí mo ti ń wọ bàtà, mi ò yẹ ibẹ̀ wò rí.

Ti àgọ́ ló dùn mọ́ mi jù. Ìwé kékeré kan wà nínú àpò rẹ̀. Ẹni tó bá háyà rẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ ohun tójú rẹ̀ rí síbẹ̀ kí Ìyá tó dá ìdógò padà. Ohun tí mo bá nínú ti àgọ́ tí mo háyà nìyí: "Síìpù ọ̀tún ń há, ẹ fi àbẹ́là pa á." "Òjò ń gba ojú rírán ẹ̀yìn wọlé." "Lórí àpáta, èèkàn ò wúlò, òkúta ni kí ẹ so okùn mọ́."

Náírà 5,000 lọ́jọ́ kan, ìdógò 10,000. Kò wọ́n. Àmọ́ tọ́ọ̀ṣì orí tí wọ́n fi lé mi lọ́wọ́, bátìrì rẹ̀ kú kí n tó jẹun alẹ́ tán lókè Adó-Àwáyè. Ẹ mú tiyín lọ. Ẹ má sì lọ sí ṣọ́ọ̀bù Ìyá ṣáájú aago mẹ́wàá, àgádágodo lẹ máa bá lẹ́nu ọ̀nà.

Nígbà tí mo dá àgọ́ padà, Ìyá ò tiẹ̀ wo inú àpò, bírò ni wọ́n nà sí mi. Mo kọ ọ́ síbẹ̀: "Èèkàn kan ti wọ́. Èmi ni. Mo sì ti ka ti òkúta kí n tó gbá a mọ́ àpáta."