Kasparov àbí Carlsen: ta lẹ máa mú?

Nínú ayò ṣẹ́ẹ̀sì, èmi ò rí ẹni tó lè bá àwọn méjèèjì yìí dupò. Kasparov gba ipò ṣáńpíọ́nù àgbáyé lọ́wọ́ Karpov ní 1985, ọmọ ọdún 22 péré, ó sì dì í mú títí Kramnik fi gbà á ní Lọ́ńdọ̀nù ní 2000. Carlsen ní tiẹ̀ lọ na Anand, tó wà nípò yẹn nígbà náà, nílùú ẹ̀ gangan, Chennai, ní 2013, rátìn ẹ̀ (máàkì tí wọ́n fi ń díwọ̀n agbára àwọn tó ń ta ṣẹ́ẹ̀sì) sì gun 2882, Kasparov ò kọjá 2851.

Àmọ́ ọwọ́ wọn ò jọra rárá o. Iná ni Kasparov, ẹ lọ wo ìdíje Wijk aan Zee ní Netherlands ní 1999, ó fi rook ẹ̀ (ọ̀kan lára àwọn ọmọ ayò tó lágbára) sílẹ̀ kí Topalov jẹ ẹ́, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í lé ọba Topalov káàkiri títí tọ́ba fi sá dé ìlà àkọ́kọ́ lọ́dọ̀ Kasparov fúnra ẹ̀, orí mi ṣì máa ń wú tí mo bá wò ó! Carlsen kì í kánjú, géèmù kẹfà òun àti Nepomniachtchi ní Dubai ní 2021 gba ìṣípò 136, ó kàn ń fún un mọ́lẹ̀ díẹ̀díẹ̀ ni.

Kasparov lèmi máa mú. Carlsen fọwọ́ ara ẹ̀ gbé ipò yẹn sílẹ̀ ni, ti Kasparov, àfi kí wọ́n wá jà á gbà.