Fọ́nẹ́ẹ̀sì oníná NẸ́PÀ àbí gáàsì: èwo ló yẹ kẹ́ ẹ rà fún èérún góòlù?

Ẹ̀yin alágbẹ̀dẹ góòlù tẹ́ ẹ ń kó èérún abẹ́ tábìlì jọ, mo ti lo méjèèjì o, fọ́nẹ́ẹ̀sì (ààrò oníná tá a fi ń yọ́ góòlù) àti gáàsì tá a fi ń fẹ́ iná sí góòlù. Ọ̀rọ̀ pé èwo ló gbóná jù, ẹ fi ìyẹn sílẹ̀ jàre, 1064°C ni góòlù fi ń yọ́, méjèèjì ló ń débẹ̀.

Owó: gáàsì ò wọ́n tó o. Ariwo: fọ́nẹ́ẹ̀sì ò pariwo rárá. Ìmọ́tótó: fọ́nẹ́ẹ̀sì náà ni.

Iná NẸ́PÀ gan-an niṣẹ́ wà. Fọ́nẹ́ẹ̀sì kékeré tí mo rà ń jẹ nǹkan bíi 1500 wáàtì, bẹ́ẹ̀ "I better pass my neighbour" tó wà ní ṣọ́ọ̀bù ò lè gbé e láéláé, tí wọ́n bá wá mú iná lọ nígbà tí èérún ti ń yọ́, góòlù á dì mọ́ ìdí ìkòkò, bọ́ráàsì (ìyẹ̀fun tá a ń dà sí góòlù kó lè yọ́ dáadáa) á le lé e lórí bí ìgò, ẹ ó wá jókòó máa retí kí wọ́n mú iná dé kẹ́ ẹ tó tún gbé e gbóná láti ìbẹ̀rẹ̀, ìkòkò graphite (ìkòkò dúdú tá a fi ń yọ́ góòlù) yẹn sì rèé, gbogbo ìgbà tó bá gbóná ló ń jẹ ara rẹ̀ lọ. Oníbàárà tó ń dúró gba òrùka ìgbéyàwó ò fẹ́ gbọ́ ìtàn NẸ́PÀ o.

Gáàsì ní tiẹ̀, ó lè fẹ́ èérún kúúnná dànù, òótọ́ ni. Ẹ pò ó mọ́ bọ́ráàsì, ẹ fi tíṣù wé e, kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lo iná rírọ̀ títí bọ́ráàsì á fi yọ́ dì í mú, ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ wá ṣí iná. Ó tán.

Èyí tó wù kẹ́ ẹ rà, ẹ kọ́kọ́ sun ìdọ̀tí yẹn di eérú, kẹ́ ẹ wá fi mágínẹ́ẹ̀tì kó irin ayùn kúrò. Kò sì sí èyí tó ń sọ góòlù di ògidì nínú méjèèjì, 18 káráàtì, ìyẹn góòlù 75%, tó bá wọlé, bẹ́ẹ̀ náà ló ń jáde, bàbà àti fàdákà ẹ̀ ṣì wà níbẹ̀, ásíìdì ló ń yọ ìyẹn, èéfín rẹ̀ tó pupa rúsúrúsú sì ń ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́, kì í ṣe iṣẹ́ inú yàrá.

Ẹni tó bá ní sólà tó lágbára, tó sì ń yọ́ púpọ̀ lẹ́ẹ̀kan, fọ́nẹ́ẹ̀sì dáa fún un, mi ò ní bá a jà. Ẹni tó ń yọ́ gíráàmù mẹ́ta mẹ́rin, kó ra gáàsì. Mo ti dá fọ́nẹ́ẹ̀sì tèmi padà sínú páálí, ẹni tó bá fẹ́ ẹ kó wá dá iye.