Ẹrù dé, kọ́kọ́rọ́ ò dé: bí mo ṣe kó àṣẹ gémù mi lọ sórí Xbox 360 mìíràn

Ẹ má bá ẹlòmíì wí, ọwọ́ ara mi ni mo fi ta ẹ̀rọ gémù Xbox 360 mi àkọ́kọ́. Mo yọ hard drive rẹ̀ pamọ́, torí inú rẹ̀ ni gbogbo gémù tí mo rà wà. Nígbà tí wọ́n tún ń wù mí ṣe, mo ra àlòkù, mo sì ki hard drive náà bọ̀ ọ́.

Orúkọ gbogbo wọn pé. Mo tẹ Castle Crashers, tí mo rà lọ́dún 2008 tó jáde gan-an. Ìtọ́wò, ìyẹn díẹ̀ tí wọ́n ń fúnni ṣe lọ́fẹ̀ẹ́ kéèyàn tó ra gémù, ló gbé síwájú mi, bí ẹni tí kò rà á rí! Mo so ẹ̀rọ mọ́ íntánẹ́ẹ̀tì, mo fi prófáìlì tí mo fi rà á wọlé, ó ṣí. Mo yọ wáyà, ó tún di ìtọ́wò.

Àṣé àṣẹ méjì ló wà lórí gémù kọ̀ọ̀kan. Ọ̀kan mọ ẹni tó rà á: ibikíbi tó bá ti wọlé ni gémù á ti ṣí, bí íntánẹ́ẹ̀tì bá ṣáà ti wà. Èkejì mọ ẹ̀rọ tí a kọ́kọ́ gbà á sí: lórí ẹ̀rọ yẹn, ẹnikẹ́ni nínú ilé lè ṣe é, íntánẹ́ẹ̀tì wà o, kò sí o. Ẹrù ni hard drive mi gbé dé. Kọ́kọ́rọ́ ṣì so mọ́ ẹ̀rọ tí mo tà.

License Transfer ló yọ mí. Ibi ètò àkáǹtì nínú ẹ̀rọ náà ló wà. Ó kó àṣẹ ẹ̀rọ àtijọ́ wá sórí tuntun. Fáìlì àṣẹ nìkan ló ń wọlé, wọn ò sì tó nǹkan. (Èmi ti múra àtisùn tì í.) Mo yọ wáyà, mo ní kí ọmọ mi fi prófáìlì tirẹ̀ dán an wò. Ó ṣí! Kò tiẹ̀ jẹ́ kí n gba páàdì mọ́.

Ẹ̀ẹ̀kan láàárín oṣù mẹ́rin ni wọ́n gbà kéèyàn ṣe é. Ẹni tó bá ní ẹ̀rọ méjì, kó rò ó dáadáa kó tó tẹ̀ ẹ́. Ó gùn lójú mi, àmọ́ bí kò bá sí ààlà, àkáǹtì kan á máa bọ́ odidi àdúgbò.

Ilé ìtajà inú Xbox 360 ti kógbá wọlé ní 29 Oṣù Keje 2024, kò sí ríra tuntun níbẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n ohun tí a ti rà ṣì ṣeé gbà. Ẹ tọ́jú password yín. Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi wá tèmi, ẹ̀yìn páálí gémù kan ni mo kọ ọ́ sí. Mo fún License Transfer ní ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún.