Òróró àti fínígà tí mo fi rọ́pò kíríìmù sàláàdì ní búkà mi

Ó ti pé oṣù méjì tí mi ò ra kíríìmù sàláàdì mọ́. Iyán ni mò ń tà ní Ajílòsún, ní Adó-Èkìtì níbí, iyán àti ẹ̀fọ́ rírò, iṣẹ́ tí ìyá mi fi tọ́ wa. Sàláàdì kò sí níbẹ̀ nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀. Àwọn ọmọ Pólì tó ń jẹ ìrẹsì ló ń bèèrè rẹ̀ ṣáá, ni mo bá fi kún un: kábéèjì, kárọ́ọ̀tì, kùkúmbà, àti lẹ́túùsì nígbà tí ọkọ̀ Jọ́ọ̀sì bá wọlé. Kíríìmù inú ìgò la máa ń dà lé gbogbo rẹ̀ lórí. Owó ara mi ni mo fi ra gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé yìí, mo sì ti bu ú fún oníbàárà jẹ, mo bu ú fún ọkọ mi jẹ.

Ọkọ mi gan-an ló fa ọ̀rọ̀ yìí. Wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ ríru Bàbá Tolú wò, ó ga ju bó ṣe yẹ lọ. Nọ́ọ̀sì bi mí ní ohun tó ń jẹ lọ́sàn-án. Inú mi dùn láti sọ pé mo ti ń dín iyán rẹ̀ kù, pé sàláàdì ni mò ń fún un. Ó ní, "Ẹ ṣeun, Mà. Kí lẹ ń dà sí i?" Ó ní kí n délé, kí n ka ẹ̀yìn ìgò náà.

Èmi àti Tolú la jọ kà á lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ohun tí wọ́n bá kọ́kọ́ kọ sára ìgò oúnjẹ ló pọ̀ jù nínú rẹ̀, èyí tí wọ́n kọ gbẹ̀yìn ló kéré jù. Lára ìgò tèmi, omi ló ṣáájú, òróró tẹ̀ lé e, ṣúgà sì ṣìkẹta. Ṣúgà ju ẹyin lọ! Iyọ̀ wà níbẹ̀, èròjà tó ń mú un ki náà wà níbẹ̀. Àjọ Ìlera Àgbáyé ní kí iyọ̀ tí àgbàlagbà ń jẹ lóòjọ́ má tó gíráàmù 5, kò kún ṣíbí tíì kan. Ẹ wá ro irú, edé àti iyọ̀ tó ti wà nínú ọbẹ̀ wa tẹ́lẹ̀. Ó dùn mí pé èmi ni mò ń fi ọwọ́ ara mi da òmíràn lé ewé tí mo rò pé mo fi ń tọ́jú rẹ̀.

Òróró ólífì ni mo kọ́kọ́ wá lọ, òun ló sì ná mi lówó jù. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo rà á kí n tó rí èyí tó dáa. Obìnrin tí mo kọ́kọ́ bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀ ní Ọjà Ọba na ìgò kékeré kan sí mi, ó ní, "Ìjọ wo lẹ̀ ń lọ, Mà?" Òróró àdúrà ló rò pé mò ń wá, torí ohun tí ọ̀pọ̀ wa ń fi òróró ólífì ṣe nìyẹn. Èmi náà ní tèmi lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Ṣùgbọ́n àwọn kan ń po lọ́fínńdà mọ́ òróró àdúrà, àwọn míràn sì wà tó jẹ́ pé ara ni wọ́n fi ń pa. Ẹ má dà á sí oúnjẹ. Ẹ wá èyí tí wọ́n kọ sí lára pé ti jíjẹ ni, tó sì ní nọ́ńbà NAFDAC.

Ìgò kejì, súpámákẹ́ẹ̀tì kan ni mo ti rà á, ₦11,500. Ìgò funfun tó mọ́ gaara, ó dúró lórí pẹpẹ tó kọjú sí fèrèsé, oòrùn ọ̀sán sì ń ràn sí i. Mo ṣí i délé, ó ń rùn bí ẹ̀pà tí wọ́n gbàgbé sínú àpò láti èṣí. Ìmọ́lẹ̀, ooru àti afẹ́fẹ́ ni ọ̀tá òróró, ìgò yẹn sì ti jẹ ìyà méjèèjì àkọ́kọ́ kí n tó bá a pàdé. Mo gbé e padà, wọ́n ní ẹni tó bá ti ṣí ìdérí kò lè dá a padà mọ́. Báwo ni èèyàn ṣe fẹ́ gbọ́ òórùn òróró láìṣí ìdérí? Ọ̀rọ̀ yẹn ṣì ń dùn mí.

Ìkẹta ni mo wá fọwọ́ sí. Ìgò aláwọ̀ ewé tó dúdú, mílílítà 500, láti Sípéènì, níbi tí òróró ólífì ti ń jáde jù lọ láyé. "Extra virgin" ni wọ́n kọ sí i lára: èso ólífì ni wọ́n tẹ̀ tí òróró fi jáde, wọn ò fi kẹ́míkà fà á, kíkan ọ̀rá inú rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ ju ìdá 0.8 nínú ọgọ́rùn-ún lọ. Tolú tọ́ ọ wò, ó wúkọ́. Ó korò díẹ̀, ó ń rùn bí ewé tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ já, ó sì ń ta èèyàn lọ́fun. Mo kọ́kọ́ rò pé mo tún ti kó sí i ni. Àṣé títa yẹn ti wá láti inú èso náà fúnra rẹ̀, tí òróró bá sì ti pẹ́ jù, kì í tani mọ́.

Lórí lẹ́túùsì àti tòmátì, òróró yìí kò lẹ́gbẹ́. Lórí kábéèjì, mi ò fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, kíkorò rẹ̀ pọ̀ ju adùn kábéèjì lọ. Ohun tí mò ń ṣe ní búkà ni pé mo fi òróró ẹ̀pà tí kò ní òórùn ṣe ìdajì, òróró ólífì ṣe ìdajì. Àwọn oníbàárà fẹ́ràn èyí jù, owó rẹ̀ sì gbé pẹ́ẹ́lí. Tí ẹ bá gbé òróró ólífì sí fìríìjì, ó lè dì bí òrí. Kò bàjẹ́, ẹ gbé e síta fún ìgbà díẹ̀, á yọ́.

Fínígà kò fún mi ní wàhálà tó bẹ́ẹ̀. Bíbélì wa ń pè é ní ọtí kíkan, bẹ́ẹ̀ náà ló sì rí: ọtí ló kọ́kọ́ jẹ́. Èyí tó funfun, ₦1,200, mú jù fún sàláàdì, ṣe ló ń gé ahọ́n. Omi tí mo fi ń fọ ewé ni mò ń dà á sí. Èyí tí wọ́n fi èso ápù ṣe ni kí ẹ rà, mo ra tèmi ní ₦4,800. Ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún ni kíkan rẹ̀, wọ́n kọ ọ́ sára ìgò. Gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ kan wà nísàlẹ̀ rẹ̀ bíi ti ẹmu, ìyẹn ò burú, ẹ kàn mì ín. Ó kan, ṣùgbọ́n òórùn èso ṣì wà lára rẹ̀. Àwọn kan ń gbé e mu lásán nítorí kí ikùn wọn lè fọ̀. Èmi ò rà á fún ìyẹn, kíkan rẹ̀ sì máa ń jẹ eyín.

Ó tún ku ọ̀kan tí mi ò rà rárá. Bàbá ẹlẹ́mu tó ń gbé ẹmu wá fún wa láti ọ̀nà Ìyìn ló gbọ́ tí mò ń ráhùn nípa owó fínígà. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ìyá Tolú, ohun tí mo máa ń dà nù lẹ ń fi owó rà yẹn." Òótọ́ ló sọ. Ṣúgà inú ẹmu á di ọtí, tí afẹ́fẹ́ bá sì ń wọ inú rẹ̀, àwọn kòkòrò tíntìntín kan á sọ ọtí náà di kíkan. Mo da ẹmu tó ṣẹ́kù sínú ìgò ẹlẹ́nu gbẹ̀jẹ̀, mo fi aṣọ funfun dé e kí eṣinṣin má bàa wọ̀ ọ́, mo gbé e sí kọ̀rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, mo wá sẹ́ ẹ. Òórùn rẹ̀ dáa ju ti ápù lọ, ẹ gbà mí gbọ́. Àbùkù rẹ̀ ni pé kíkan rẹ̀ kì í dọ́gba, ti ọ̀sẹ̀ yìí lè mú, ti ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ lè ṣàìmú. Sàláàdì tí a ó jẹ lọ́jọ́ náà nìkan ni mò ń lò ó fún, mi ò jẹ́ fi pa ata tàbí àlùbọ́sà mọ́.

Bí mo ṣe ń pò ó nìyí. Ìgò onídèérí tó ti ṣófo ni mò ń lò. Fínígà ló ń kọ́kọ́ wọlé, ṣíbí ńlá méjì, lẹ́yìn náà iyọ̀ díẹ̀. Iyọ̀ kì í yọ́ nínú òróró, inú fínígà ló ti ń yọ́, ẹ má fi òróró ṣáájú. Mo wá fi oyin ṣíbí tíì kan sí i, àti iyèré tí mo lọ̀ kúnná. Iyèré yìí ni mo fẹ́ kí gbogbo yín dán wò! Ata dúdú inú agolo kò ní òórùn tó o. Lẹ́yìn náà ni òróró. Àwọn tó ni sàláàdì, òróró mẹ́ta sí fínígà kan ni wọ́n ń lò. Fún ẹnu wa níbí, ìyẹn ti jẹ́ ọ̀rá jù, tèmi jẹ́ méjì sí ọ̀kan, nítorí náà ṣíbí mẹ́rin. Ẹ dé ìgò náà, ẹ mì ín títí tí àwọ̀ rẹ̀ á fi ṣú. Òróró ti fọ́ sí wẹ́wẹ́ nínú fínígà nìyẹn. Á tún pínyà tó bá dúró, oyin ló ń jẹ́ kó pẹ́ díẹ̀ kó tó pínyà. Ẹ tún un mì kí ẹ tó dà á.

Ìgbà tí ẹni tó fẹ́ jẹun bá ti jókòó ni kí ẹ tó dà á. Lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́, mo ti pò ó mọ́ sàláàdì láago mẹ́wàá àárọ̀. Nígbà tó fi máa di aago kan, iyọ̀ ti fa omi jáde lára kùkúmbà, lẹ́túùsì ti rọ, odidi abọ́ kan ṣòfò. Ẹ má sì dà á lọ́pọ̀ yanturu. Òróró ṣì ni òróró, ṣíbí ńlá kan tó nǹkan bíi kálórì 120. Ṣùgbọ́n ẹ má yọ òróró kúrò pátápátá, torí pé ara kì í rí èròjà fítámínì A inú kárọ́ọ̀tì gbà dáadáa tí kò bá sí ọ̀rá lára oúnjẹ.

Nípa áyù, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fetí sílẹ̀. Ó dùn nínú rẹ̀ gan-an. Ṣùgbọ́n ẹ má rẹ áyù tútù sínú òróró kí ẹ gbé e kalẹ̀ sórí tábìlì fún ọjọ́ púpọ̀. Kòkòrò kan wà tó ń hù níbi tí afẹ́fẹ́ kò dé, oró rẹ̀ ń pààyàn, òróró náà kò sì ní rùn kí ẹ fi mọ̀. Bí iná ṣe ń lọ tó ń bọ̀ ní àdúgbò wa, mi ò gbẹ́kẹ̀ lé fìríìjì. Èyí tó ní áyù nínú, ìwọ̀n tí a máa jẹ tán lọ́jọ́ náà ni mò ń pò.

Àwọn oníbàárà ńkọ́? Àwọn ọmọ Pólì bèèrè kíríìmù wọn fún bí ọ̀sẹ̀ kan, ẹni méjì ò padà wá mọ́. Àwọn àgbà tí kì í jẹ sàláàdì tẹ́lẹ̀, tí wọ́n ń sọ pé ewúrẹ́ ló ń jẹ ewé tútù, ló yà mí lẹ́nu. Bàbá kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ tíṣà ní iyèré yẹn rán òun létí ọbẹ̀ ìyá òun. Iyán ló ṣì ń rà, ṣùgbọ́n ó ń gba kábéèjì díẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ báyìí. Bàbá Tolú ń jẹ tiẹ̀ lójoojúmọ́, a ó sì padà lọ yẹ ẹ̀jẹ̀ ríru rẹ̀ wò lóṣù tó ń bọ̀.

Bí owó yín ò bá ká gbogbo rẹ̀, fínígà ápù ni kí ẹ kọ́kọ́ rà, kí ẹ lo òróró ẹ̀pà tó wà nílé. Ólífì lè dúró. Tí ẹ bá wá fẹ́ rà á, ìgò tó dúdú ni kí ẹ mú, láti ẹ̀yìn pẹpẹ níbi tí oòrùn kò dé.