Ẹ ṣọ́ra fún Bomberman aláwọ̀ wúrà o!

Ẹ̀yin tí ẹ ń ra géèmù àtijọ́ láti Japan, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ tèmi kí ẹ tó sanwó. Wọ́n ti lù mí ní jìbìtì £180 lórí Super Bomberman 5 aláwọ̀ wúrà, ẹni tó tà á fún mi sì tún ti ń polówó òmíràn.

Ẹ kúkú mọ ìdí tí géèmù yìí fi ń wọ̀ wá lójú. Hudson Soft gbé e jáde fún Super Famicom, ẹ̀rọ géèmù Nintendo, ní oṣù kejì ọdún 1997, Japan nìkan ni wọ́n sì ti tà á nígbà náà. Èèyàn márùn-ún lè jọ ta á pọ̀, ìjà rẹ̀ ò sì gba kéèyàn gbọ́ èdè Japan: gbé bọ́ǹbù sílẹ̀, kí o sá. Àbúrò ìyá mi tí kò fọwọ́ kan géèmù rí ti na gbogbo wa nílé wa.

Kátírììjì ti ṣọ́ọ̀bù, ìyẹn ike tí géèmù wà nínú rẹ̀, àwọ̀ eérú ni. Ti aláwọ̀ wúrà, ọ̀dọ̀ ìwé ìròyìn CoroCoro Comic ní Japan ni wọ́n ti ń rà á nígbà náà, ìyẹn ló jẹ́ kó ṣọ̀wọ́n. Ibẹ̀ ni gbájú-ẹ̀ yìí gbà wọlé. Ó ní ẹlòmíì ti fẹ́ kó owó sílẹ̀, pé kí n tètè fi tèmi ránṣẹ́ lórí PayPal bí ìgbà téèyàn ń fún ọ̀rẹ́ lówó. Ọ̀nà yẹn kì í dáàbò bo ẹni tó ra ọjà. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, mo sì ṣe é. Ojúkòkòrò!

Ó ṣiṣẹ́ nígbà tó dé, ohun tó tàn mí jẹ nìyẹn. Ó tó ọ̀sẹ̀ méjì kí n tó rí àwọ̀ eérú tó ń yọjú lábẹ́ wúrà náà, létí ihò síkúrù. Ọ̀dà ni! Mo fi irinṣẹ́ 3.8 mm tó ń tú síkúrù rẹ̀ tú u: kò sí orúkọ Nintendo lára bọ́ọ̀dù inú rẹ̀, kò sí SHVC, àmì Nintendo tó yẹ kó wà níbẹ̀, ẹ̀dà tuntun ni látòkèdélẹ̀. Ìkarahun géèmù olówó pọ́ọ́kú kan ló kùn.

Nítorí náà, ẹ ní kí wọ́n tú u, kí wọ́n ya fọ́tò inú rẹ̀ pẹ̀lú bébà tí orúkọ yín àti déètì ọjọ́ náà wà lórí ẹ̀. Ẹni tó bá kọ̀, ẹ fi í sílẹ̀. Tó bá jẹ́ ìjà bọ́ǹbù nìkan lẹ fẹ́, ẹ ra aláwọ̀ eérú jẹ́jẹ́.

Mo bi í léèrè, ó ní bóyá àwọn ará Japan ló kùn ún bẹ́ẹ̀. Ó sì bùlọ́ọ̀kù mi. Àwòrán tó ń lò báyìí, aṣọ tábìlì búlúù ni kátírììjì náà wà lórí ẹ̀, ara rẹ̀ ti họ díẹ̀ lápá ọ̀tún. Bí ẹ bá rí i, ẹ má ná an rárá.