Mo tẹ̀ lé òpìtàn lọ síbi tí iná ti jó Lọ́ńdọ̀nù

Ọdún kọkànlá rèé tí bọ́ọ̀sì 21 ti ń gbé mi láti Old Kent Road kọjá lẹ́bàá Monument, òpó lásán ni mo sì pè é, àṣé òpó ìrántí iná ńlá tó jó Lọ́ńdọ̀nù ni. Sátidé tó kọjá ni mo san pọ́n-ùn 18 kí òpìtàn kan lè fẹsẹ̀ mú wa rin ọ̀nà tí iná ọdún 1666 gbà. Obìnrin ni, fáìlì kan ṣoṣo ló gbé dání.

Pudding Lane la ti bẹ̀rẹ̀. Ó ní ká má ro ti oúnjẹ o, ìfun ẹran tí àwọn alápatà ń kó gba ibẹ̀ lọ sódò Thames ni wọ́n ń pè ní pudding láyé ìgbà náà. Níbẹ̀ ni iná ti sọ nílé Thomas Farriner tó ń ṣe búrẹ́dì, lóru Sunday, September 2. Wọ́n jí olórí ìlú, Bloodworth, ó wo iná náà, ó ní obìnrin lè fi ìtọ̀ pa á, ló bá padà lọ sùn. A rẹ́rìn-ín. Obìnrin yìí jẹ́ ká rẹ́rìn-ín tán kó tó sọ iye tó jóná: ilé 13,200, ṣọ́ọ̀ṣì 87.

Ó yọ ẹ̀dà ìwé ìrántí Samuel Pepys, òṣìṣẹ́ ìjọba tí iná náà ṣojú rẹ̀, jáde, ìkọ̀wé rẹ̀ rí wágunwàgun bí ìtẹ̀sẹ̀ adìyẹ. Iná ń bọ̀, bàbá yìí gbẹ́lẹ̀, ó ri wáìnì àti wàràkàṣì rẹ̀ mọ́lẹ̀! Ẹ̀gbọ́n kan tó jẹ́ Yorùbá bíi tèmi ní, ilé ọba tó jó, ẹwà ló bù sí i, ẹ wo St Paul's, ṣọ́ọ̀ṣì ńlá tó jóná tí wọ́n tún kọ́. Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, tọba lẹ ń wí o. Àwọn tó lọ sùn ní pápá Moorfields ńkọ́?"

Èyí tí kò kúrò lọ́kàn mi ni ti Robert Hubert, ará Faransé tó ń ṣe aago. Ó fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ pé òun ló dáná sun ìlú, wọ́n sì so ó kọ́ ní Tyburn. Bẹ́ẹ̀ iná ti jó fún ọjọ́ méjì kí ọkọ̀ tó gbé e wá tó gúnlẹ̀. Àwọn ará ilé Farriner wà lára àwọn tó fọwọ́ sí ìwé ẹ̀sùn rẹ̀! Lára Monument fúnra rẹ̀, lọ́dún 1681, wọ́n fín in sára òkúta pé àwọn Kátólíìkì ló ṣe é. 1830 ni wọ́n tó pa á rẹ́ pátápátá. Òpìtàn wa na ọwọ́ sí ibẹ̀, kò sọ̀rọ̀ fúngbà díẹ̀.

Àléébù rẹ̀ ò kéré. Kò lo ẹ̀rọ gbohùngbohùn, bọ́ọ̀sì sì ń bo ohùn ẹ̀ mọ́lẹ̀. Àwa tá a wà lẹ́yìn, ààbọ̀ la gbọ́. Wákàtí méjì ààbọ̀, kò síbi tá a ti yà tọ̀. Ẹnu ọ̀nà Monument la tún ti gbọ́ pé owó àtẹ̀gùn ò sí nínú tíkẹ́ẹ̀tì wa. Mo san án, mo gun gbogbo 311, orúnkún mi ò tíì dárí jì mí.

Ti àjàkálẹ̀ àrùn 1665 ló máa ṣe lóṣù tó ń bọ̀. Mo ti sanwó. Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ gan-an ni màá dúró sí lọ́tẹ̀ yìí.