Community Notes orí X: ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún

Àlàyé kékeré tí àwa tá à ń lo X (Twitter tẹ́lẹ̀) máa ń kọ sábẹ́ ọ̀rọ̀ tó lè ṣi èèyàn lọ́nà, tá a sì máa ń dìbò bóyá ó wúlò, ni mò ń sọ. Birdwatch ni wọ́n ń pè é nígbà tó bẹ̀rẹ̀ ní Amẹ́ríkà ní January 2021, ọdún tó tẹ̀ lé e ni wọ́n yí orúkọ ẹ̀ padà.

Ohun tó wù mí jù nínú ẹ̀ ni pé kì í ṣe ẹ̀yin tẹ́ ẹ pọ̀ jù lẹ máa borí. Tí èmi àti gbogbo àwọn tá a jọ ń ṣe ẹgbẹ́ kan náà bá tú jáde tá a ní àlàyé yìí dáa, òfo ni, àfi kí àwọn tí ìbò wọn kì í bá tiwa mu tẹ́lẹ̀ náà gbà pé ó wúlò kó tó lè hàn sí gbogbo èèyàn. Ẹ wo ọgbọ́n yẹn! Ó di dandan kó o ro ti ẹni tí kò sí lẹ́yìn ẹ kó o tó kọ nǹkan. Mo ti pa gbólóhùn tó gbóná rẹ́ láìmọye ìgbà torí ẹ̀, mo wá fi ìlínkì tí ẹgbẹ́ kejì fúnra wọn lè yẹ̀ wò síbẹ̀.

Kóòdù ẹ̀ àti dátà ẹ̀ náà wà ní gbangba. Owó wá ńkọ́? October 2023 ni wọ́n kéde pé post tí àlàyé bá tún ṣe ò ní pa owó fún ẹni tó kọ ọ́ mọ́, ibẹ̀ gan-an ló sì yẹ kí wọ́n fọwọ́ bà, torí ọ̀pọ̀ irọ́ tó ń dá ìjà sílẹ̀ láàárín àwa èèyàn, owó ni wọ́n ń fi í wá.

Àléébù ẹ̀ ni pé ó máa ń pẹ́. Ọ̀pọ̀ àlàyé ni kì í hàn rárá, pàápàá lórí ọ̀rọ̀ tó ti pín wa yẹ́lẹyẹ̀lẹ, irọ́ á sì ti rìn jìnnà. Àwọn kan ló nilé, àwa la ń gbá a lọ́fẹ̀ẹ́. Ìgbà tí Meta, iléeṣẹ́ tó ni Facebook, náà kéde ní January 2025 pé irú ẹ̀ làwọn máa fi rọ́pò àwọn tó ń yẹ òótọ́ wò fún wọn ní Amẹ́ríkà, àyà mi já, torí iṣẹ́ táwọn kan ń gbowó ṣe ni wọ́n gbé lé wa lọ́rùn yẹn.

Síbẹ̀ ẹ forúkọ sílẹ̀, tí akáǹtì yín bá ti pé oṣù mẹ́fà, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ kì í gba tèmi, torí láìsí ìbò yín, kò sẹ́ni tó máa rí ohun tí mo kọ.